Àgbà Kì Í Wà Lọ́jà: Iṣẹ́ Takashi Shimura Nínú Sinimá Japan

"Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ titun ó wọ́." Ẹni tó kọ́kọ́ pa òwe yìí mọ ọjà dáadáa. Ìyálọ́mọ ti dé ìsọ̀, ó pọn ọmọ sẹ́yìn, ó ń ná ọjà lọ́wọ́. Ojú rẹ̀ wà lára ẹrù, ọkàn rẹ̀ wà lára owó. Oorun ti gbé ọmọ lọ, ọ̀já ti dẹ̀ díẹ̀, orí ọmọ ti wọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ìyá kò lè rí i, nítorí ẹ̀yìn rẹ̀ ni ọmọ wà. Ẹni tó ń kọjá ló lè rí i. Òwe náà kò sọ pé àgbà yìí gbọ́dọ̀ jẹ́ ẹbí ọmọ. Kò sọ pé ẹnikẹ́ni bẹ̀ ẹ́ níṣẹ́. Kò sówó níbẹ̀, ó sì ṣeé ṣe kí ọpẹ́ má sí, torí ìyá ọmọ lè má tilẹ̀ mọ̀ pé ẹnì kan ti gbé orí ọmọ òun padà sáyè rẹ̀. Àgbà á ṣe é tán, á bá ọ̀nà tirẹ̀ lọ.

Lóde òní, òwe yìí ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ti àwọn olóyè àti ìpàdé ẹbí nìkan. Nígbà tí ìjà bá ṣẹlẹ̀ tí a fẹ́ kí baálé dá sí i ni a máa ń pa á. Ṣùgbọ́n bí a bá padà sí ìdí ìsọ̀ tí òwe náà ti ṣẹ̀, nǹkan méjì ló ń béèrè lọ́wọ́ àgbà: kí ó wà lọ́jà, kí ojú rẹ̀ sì wà lára ọmọ ọlọ́mọ. Èkejì ló ṣòro. Ọ̀pọ̀ àgbà ló ń ná ọjà láti àárọ̀ dalẹ́ tí wọn kò rí orí ọmọ kankan.

Òṣèré kan wà ní ilẹ̀ Japan tó lo ohun tó ju ogójì ọdún lọ nídìí iṣẹ́ sinimá, tí mo sì gbà pé kò sí ẹni tó túmọ̀ òwe yìí lójú agbo eré tó o, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò gbọ́ ọ rí. Takashi Shimura ni orúkọ rẹ̀. Irú òṣèré tí ó jẹ́ ni èyí tí àwòrán rẹ̀ kì í sábà tóbi lára pátákó ìpolówó. Òun ni bàbá, òun ni dókítà, òun ni ọ̀gá ọlọ́pàá, òun ni ìjòyè tó jókòó sápá òsì ọba. Àwọn tó ń wo eré lè má rántí orúkọ rẹ̀ nígbà tí wọ́n bá ń jáde, ṣùgbọ́n bí ẹ bá yọ ọ́ kúrò nínú eré, ilé á wó. Ẹnikẹ́ni tó bá ti wo eré ẹgbẹ́ alárìnjó wa, ti Ògúndé ni o, ti Dúró Ládípọ̀ ni o, mọ irú ẹni bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ 12 oṣù Kẹta ọdún 1905 ni wọ́n bí i ní Ikuno, ìlú awakùsà kan ní ẹkùn Hyogo. Ìran samurai ni wọ́n. Bàbá rẹ̀ àgbà wà lójú ogun Toba-Fushimi ní 1868, ọ̀kan nínú àwọn ogun tó fòpin sí ìjọba ìdílé Tokugawa. Àmọ́ nígbà tí wọ́n fi bí ọmọ yìí, idà ti di ohun ìtàn, iṣẹ́ ilé iṣẹ́ ìwakùsà Mitsubishi ni bàbá rẹ̀ ń ṣe. Ní kékeré, ikọ́ ife kọ lù ú, ọdún méjì ni kò fi lè lọ sílé ìwé. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi àìsàn yìí sọ́kàn, nítorí yóò tún padà wá bá a nínú eré.

Ní 1923 ó wọ Yunifásítì Kansai. Nígbà tí bàbá rẹ̀ fẹ̀yìn tì, owó ilé ìwé kò tó mọ́, ló bá lọ sí kíláàsì alẹ́ láti máa kọ́ lítíréṣọ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó sì ń ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ omi ìlú Osaka lójú ọ̀sán. Ní yunifásítì yẹn ni eré ti wọ̀ ọ́ lára. Ní 1928 òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ dá ẹgbẹ́ eré kan sílẹ̀. Ìgbòkègbodò ẹgbẹ́ yìí ni kò jẹ́ kó ráyè iṣẹ́ omi mọ́, iṣẹ́ náà bọ́, ó fi yunifásítì sílẹ̀, ẹgbẹ́ eré náà sì wọ gbèsè, ó túká. Ó ṣeré lórí rédíò, ó bá ẹgbẹ́ mìíràn rìn káàkiri Japan títí dé ilẹ̀ Ṣáínà. Nígbà tí sinimá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, ó rí i pé ẹni tí orí ìtàgé ti kọ́ ní ohùn yóò ríṣẹ́ ṣe, ó sì wọ ilé iṣẹ́ fíìmù ní Kyoto ní 1932. Láàárín 1937 sí 1942 nìkan, fíìmù tó ti kópa súnmọ́ 100. Ó tilẹ̀ kọrin nínú ọ̀kan lára wọn ní 1939, ohùn rẹ̀ sì dùn.

Ní àkókò kan náà ni àwọn ọlọ́pàá tó ń ṣọ́ èrò ọkàn àwọn ará ìlú fún ìjọba ológun gbé e, nítorí pé ó ti bá àwọn ẹgbẹ́ eré alátakò rìn nígbà èwe rẹ̀. Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló fi wà látìmọ́lé. Lẹ́yìn ogun, ní 1946, nígbà tí olùdarí fíìmù Akira Kurosawa fẹ́ ẹni tí yóò ṣe irú ọlọ́pàá bẹ́ẹ̀ nínú fíìmù, Shimura ló gbé ipa náà fún. Ẹni tí wọ́n ti fi ojú rẹ̀ rí màbo wá gbé ìṣe àwọn tó fìyà jẹ ẹ́ wọ̀ bí ẹ̀wù. Kò sọ wọ́n di iwin tàbí ẹbọra. Ènìyàn tó ń ṣiṣẹ́ oṣù ni ó ṣe wọ́n, èyí ló sì mú kí ipa náà bani lẹ́rù.

Àjọṣe òun àti Kurosawa ti bẹ̀rẹ̀ ṣáájú ìgbà yẹn, ní 1943, nínú fíìmù àkọ́kọ́ tí Kurosawa darí. Nínú 30 fíìmù tí ọ̀gá yìí ṣe láyé rẹ̀, Shimura wà nínú 21. Toshiro Mifune tí gbogbo ayé mọ̀ mọ orúkọ Kurosawa wà nínú 16. Mo ń sọ èyí nítorí pé nígbà tí àwọn ènìyàn bá ń ka àwọn òpó sinimá Japan, Mifune ni wọ́n máa ń bẹ̀rẹ̀ láti orí rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ẹni tó di ọwọ́ Mifune mú wọ agbo ni Shimura.

Ẹ wo Yoidore Tenshi, Áńgẹ́lì Ọ̀mùtí, tó jáde ní 1948. Dókítà Sanada ni Shimura níbẹ̀, ọ̀mùtí paraku, tí ilé ìwòsàn rẹ̀ wà létí ọ̀gọ̀dọ̀ kan tó ń rùn ní Tokyo tí ogun ti fọ́. Ọmọ ìta kan, Matsunaga, wá kí ó bá òun yọ ọta ìbọn lọ́wọ́. Mifune ọmọ ọdún 28 ni. Dókítà gbọ́ ikọ́ rẹ̀, ó mọ̀ pé ikọ́ ife ti wọ̀ ọ́ ní àyà. Láti ìgbà náà, dókítà kò jẹ́ kí ọmọkùnrin yìí sinmi. Ó ń bú u, ó ń ju ìgò lù ú, wọ́n ń wọ̀yá ìjà, Matsunaga á na án, á tì í jáde, dókítà á tún padà. Àánú tó gbé aṣọ ìbínú wọ̀ ni, ó ṣòro fún òṣèré láti ṣe é kí ó má di àṣejù. Shimura ṣe é pẹ̀lú ojú ẹni tó mọ àìsàn náà láti inú ara rẹ̀. Agbára Mifune nínú fíìmù yẹn pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gba eré mọ́ ọn lọ́wọ́, Shimura kò sì bá a du ú. Ó dúró bí ògiri tí ọmọdé ń gbá bọ́ọ̀lù mọ́. Bọ́ọ̀lù kò lè padà wá láìsí ògiri.

Lọ́dún tó tẹ̀ lé e ni Nora Inu jáde. Mifune di ọlọ́pàá ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tuntun tí wọ́n jí ìbọn rẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì, Shimura di Sato, àgbà ọlọ́pàá tí wọ́n fi ṣe alábàárìn rẹ̀. Ọmọkùnrin náà ń ka gbogbo ẹni tí ìbọn yẹn bá ṣe léṣe sí ẹ̀ṣẹ̀ ara rẹ̀, oorun kò kùn ún mọ́. Sato mú un lọ sílé, wọ́n mu bíà díẹ̀, ó fi àwọn ọmọ rẹ̀ tó ti sùn hàn án. Kò wàásù fún un. "Ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ kèrègbè" ni ìbáṣepọ̀ wọn, nítorí pé nígbà tó yá, ọta ìbọn náà gan-an ba Sato, ọmọdé ló sì ní láti lọ parí iṣẹ́.

Rashomon (1950) gbayì kárí ayé. Òun ló gba ẹ̀bùn tó ga jù ní Venice ní 1951. Gbogbo ènìyàn ló ń sọ̀rọ̀ nípa bí ẹlẹ́rìí mẹ́rin ṣe sọ ìtàn ikú kan ní ọ̀nà mẹ́rin. Agégi ni Shimura níbẹ̀, ẹni tó rí òkú nínú igbó. A wá mọ̀ ní ìparí pé òun náà purọ́: ó jí ọ̀bẹ olówó iyebíye kan níbi òkú, kò sì sọ fún ilé ẹjọ́. Bí òun, àlùfáà kan àti ọkùnrin kan ti ń jiyàn lábẹ́ ẹnubodè tó ti wó, igbe ọmọ titun sọ, ọmọ tí wọ́n gbé jù sílẹ̀. Ọkùnrin náà bọ́ aṣọ tí wọ́n fi wé ọmọ, ó gbé e lọ. Agégi na ọwọ́ sí ọmọ náà, àlùfáà rò pé ìyókù aṣọ ló fẹ́ bọ́. Agégi ní ọmọ mẹ́fà wà nílé òun, ìkeje kò ní yí ìyà padà. Ẹ wo ojú Shimura nígbà tí àlùfáà fura sí i. Ìtìjú ni ó kọ́kọ́ dé, kò bínú rárá, nítorí ó mọ̀ pé ẹni tó ti jalè kò ní ẹ̀tọ́ láti bínú. Àgbà tó gbé orí ọmọ sókè ní ọjà yìí kò mọ́ lọ́wọ́. Òwe wa kò sì ní kí ó mọ́.

Lọ́dún kan náà, wọ́n ṣe fíìmù mìíràn tí àwọn ènìyàn kì í kà sí, Sukyandaru. Mo kà á sí, nítorí òdì kejì òwe ni. Lọ́yà Hiruta ni Shimura, ẹni tó wá bẹ ayàwòrán kan (Mifune náà ni) pé kí ó jẹ́ kí òun gba ẹjọ́ rẹ̀ rò, ẹjọ́ ìwé ìròyìn kan tó ba ayàwòrán náà àti obìnrin olórin kan lórúkọ jẹ́. Hiruta ní ọmọbìnrin kan tí ikọ́ ife ti dá dùbúlẹ̀. Olówó ìwé ìròyìn náà fún un ní rìbá, ó gbà á, ó fi ta tẹ́tẹ́, ó mutí. Ó ń bẹ nílé, ó ń bẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn ọmọ, orí ọmọ sì ń wọ́ lójú rẹ̀. Ọmọ náà mọ̀ pé bàbá òun kò ṣe dáadáa, ìfẹ́ tó sì ń fi wò ó ló ń pa á lára ju èébú lọ. Ọmọ kú. Hiruta wá dìde ní ilé ẹjọ́, ó jẹ́rìí mọ́ ara rẹ̀, ó ba iṣẹ́ ara rẹ̀ jẹ́ kí ẹni tó gbẹ́kẹ̀ lé e lè jàre. Eré náà pọ̀jù níbòmíràn, omijé rẹ̀ ṣàn ju bó ti yẹ lọ, ṣùgbọ́n ipa Shimura kò ní àbùkù. Àgbà tó pẹ́ kó tó ríran ni ó fi hàn wá.

Èyí ló ṣí ọ̀nà sílẹ̀ fún Ikiru, tó jáde ní 1952. Níhìn-ín ni òṣèré tó máa ń wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti di olú ẹ̀dá ìtàn. Kanji Watanabe ni, ọ̀gá ẹ̀ka kan ní ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀, tó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ lo 30 ọdún nídìí tábìlì kan láìpa iṣẹ́ jẹ. Ó ń tẹ òǹtẹ̀, ó ń to ìwé jọ. Àwọn ìyá àdúgbò kan wá bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n bá àwọn fa omi ìdọ̀tí tó ń kó àìsàn bá àwọn ọmọ wọn, kí wọ́n fi ibẹ̀ ṣe pápá ìṣeré. Ọ́fíìsì kan á ní kí wọ́n lọ sí òmíràn, òmíràn á tì wọ́n sí ìkẹta, títí wọ́n fi yí gbogbo ilé náà po. Watanabe wà lọ́jà ní gbogbo ìgbà yẹn. Ìjókòó rẹ̀ kò ṣófo rí. Kò rí ọmọ.

Jẹjẹrẹ inú ló là á lójú. Àwọn dókítà purọ́ fún un pé ọgbẹ́ inú lásán ni, ṣùgbọ́n ó ti mọ̀. Ọmọ ọdún 47 ni Shimura nígbà náà, ara rẹ̀ sì le. Ó tẹ ẹ̀yìn, ó rẹ ohùn sílẹ̀ títí tó fi dà bí ẹni tó ń tọrọ àforíjì fún èémí tó ń mí, ó la ojú méjèèjì sílẹ̀ láìṣẹ́jú. Ó gbìyànjú ọtí, ó gbìyànjú ijó, ó tẹ̀ lé ọmọbìnrin kan tó ti fi ọ́fíìsì sílẹ̀. Ọmọbìnrin náà ló sọ fún un pé ohun ìṣeré ọmọdé tí òun ń ṣe ní ilé iṣẹ́ ń mú kí òun rò pé òun ń bá gbogbo ọmọ ilẹ̀ Japan ṣeré. Ibẹ̀ ni ojú rẹ̀ ti mọ́lẹ̀. Ó padà sí ọ́fíìsì, ó fa ìwé ẹ̀bẹ̀ àwọn ìyá yẹn jáde.

Kurosawa wá ṣe ohun tí ẹlòmíràn kò ní dán wò: Watanabe kú nígbà tí ó ṣì ku ju ìdá kan nínú mẹ́ta fíìmù lọ. Àwọn òṣìṣẹ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jókòó síbi òkú rẹ̀, wọ́n ń mutí, wọ́n ń jiyàn ẹni tó kọ́ pápá ìṣeré náà. Igbákejì olórí ìlú ti gba ọpẹ́ rẹ̀ sápò. Láti ẹnu wọn ni a ti wá ń rí i díẹ̀díẹ̀: bó ṣe dúró lẹ́nu ọ̀nà àwọn ọ̀gá, bó ṣe tẹríba fún ẹni tó bú u, bí àwọn jàǹdùkú ṣe halẹ̀ ikú mọ́ ọn tó sì kàn wò wọ́n. Ọlọ́pàá kan ló rí i kẹ́yìn, lórí jangilọ́fà àwọn ọmọdé nínú yìnyín, tó ń kọrin. Ìran yìí lókìkí jù lọ nínú iṣẹ́ Shimura, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ìran àwọn ìyá tó wọlé wá sunkún níwájú àwòrán rẹ̀, tí gbogbo ọ̀gá ọ́fíìsì wá di odi, ni èmi máa ń dá padà láti tún wò. Ní 2022 wọ́n tún un ṣe nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Bill Nighy ló ṣe ipa náà.

Ọdún méjì lẹ́yìn èyí, ní oṣù Kẹrin 1954, Samurai Méje jáde. Àwọn àgbẹ̀ kan tí adigunjalè 40 ń bọ̀ wá kó ìkórè wọn wọ ìlú lọ wá jagunjagun tí yóò gbà láti jà fún oúnjẹ nìkan. Bí wọ́n ṣe kọ́kọ́ rí Kambei, samurai tí Shimura ṣe, nìyí: olè kan ti gbé ọmọ kékeré kan wọnú àká, ó ní òun yóò pa á bí ẹnikẹ́ni bá súnmọ́ ọn. Kambei jókòó létí odò, ó gé irun ìdìpọ̀ tó wà ní àtàrí rẹ̀. Ọlá samurai ni irun yẹn; ẹni tó bá gé e ti tẹ́ lójú ẹgbẹ́. Ó ní kí àlùfáà fá orí òun kodoro, ó yá ẹ̀wù àlùfáà wọ̀, ó gba ìrẹsì tí wọ́n dì ní róbótó méjì, ó sì lọ bá olè náà sọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́ lẹ́nu ilẹ̀kùn. Kò pẹ́, olè subú jáde, ó kú, ọmọ padà sọ́wọ́ ìyá. Kambei bọ́ ẹ̀wù alẹ́wù, ó ń bá ọ̀nà tirẹ̀ lọ.

Fún ìyókù fíìmù náà, tó ju wákàtí mẹ́ta lọ, Shimura a máa fi ọwọ́ pa orí fífá yẹn. Nígbà tí ọ̀ràn bá ta kókó, á pa á. Nígbà tí nǹkan bá pa á lẹ́rìn-ín, á pa á. Ìṣesí kékeré yìí nìkan ló fi sọ fún wa pé ọkùnrin yìí kò tíì gbàgbé ohun tó fi ra ọmọ náà padà. Nígbà tí wọ́n gbé abọ́ ìrẹsì kan ka iwájú rẹ̀, tó mọ̀ pé jéró ni àwọn àgbẹ̀ tó gbé e wá ń jẹ, ó ní òun kò ní jẹ́ kí ìrẹsì náà ṣòfò, ó sì gba iṣẹ́. Ogun parí, mẹ́rin ti kú nínú méje. Kambei wo àwọn àgbẹ̀ tó ń lọ́ ìrẹsì pẹ̀lú orin, ó ní àwọn wọ̀nyẹn ló ṣẹ́gun, àwọn samurai tún ti pàdánù. Kò sí ìkorò lẹ́nu rẹ̀ bó ti ń sọ ọ́. Nítorí ipa yìí àti ti Watanabe, àwọn tó ń fún òṣèré ní ẹ̀bùn BAFTA nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dárúkọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì mọ́ àwọn tó tọ́ sí ẹ̀bùn òṣèré ilẹ̀ òkèèrè.

Ní oṣù Kọkànlá ọdún 1954 yẹn kan náà, ó tún jáde nínú Gojira, ìtàn ẹranko ńlá tí àdó olóró jí láti ìsàlẹ̀ òkun. Ọ̀jọ̀gbọ́n Yamane ni. Fíìmù ẹranko ni àwọn kan ń pè é, ṣùgbọ́n nígbà tí ọ̀jọ̀gbọ́n bá ń kìlọ̀ pé bí wọn kò bá jáwọ́ nínú dídán àdó wò, òmíràn yóò jáde, kò sí ẹni tó ń wo ojú yẹn tí yóò rántí pé aṣọ ẹranko ni ènìyàn kan wọ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, ipa rẹ̀ nínú fíìmù Kurosawa bẹ̀rẹ̀ sí í kéré. Ó ṣe olówó tó ń pọntí, ó ṣe ọ̀gá ilé iṣẹ́ tó kún fún àbẹ̀tẹ́lẹ̀, ó ṣe ọ̀gágun. Ní 1955, Kurosawa fún Mifune ọmọ ọdún 35 ní ipa arúgbó ẹni 70, ó sì ní kí Shimura ṣe oníṣègùn eyín tó ń gbọ́ ẹjọ́ ẹbí arúgbó náà. Shimura jókòó, ó gbọ́ ẹjọ́. Kò sí òṣèré tó mọ bí a ti ń gbọ́rọ̀ ẹlòmíràn lójú kámẹ́rà tó o. Ojú rẹ̀ ló ń kọ́ wa bí ó ṣe yẹ kí á gbọ́ ohun tí arúgbó náà ń sọ.

Ìjọba Japan dá a lọ́lá ní 1974, wọ́n sì tún fún un ní oyè Oòrùn Tó Ń Là ní 1980. Ọdún 1980 yẹn náà ni Kagemusha jáde, ìgbà ìkẹyìn tí òun àti Kurosawa ṣiṣẹ́ pọ̀. Ó ti pé ọdún 75, ara rẹ̀ kò sì le mọ́, ṣùgbọ́n Kurosawa kọ ipa kékeré kan sínú ìtàn náà nítorí tirẹ̀. Nígbà tí wọ́n gé fíìmù náà kúrú fún àwọn ará Yúróòpù àti Amẹ́ríkà, ìran rẹ̀ wà lára ohun tí wọ́n gé kúrò. Ó kú ní Tokyo ní ọjọ́ 11 oṣù Kejì ọdún 1982, àìsàn ẹ̀dọ̀fóró ló pa á. Fíìmù náà lódindi ti wà níta báyìí, ìran yẹn sì ti padà sí àyè rẹ̀.